Okùn Ovide Verdin Kò Tú

Ó tó àkókò kí n la ẹnu mi. Láti ọdún tí ìjì ti wó ṣọ́ọ̀ṣì wa ni mo ti gbé ọ̀rọ̀ kan sábẹ́ ahọ́n. Mo gbé e jẹun, mo gbé e mu kọfí, mo gbé e gba ara Olúwa lọ́jọ́ Ìsinmi, n kò lè gbé e mì, n kò sì lè tu ú dànù. Mo ti sọ ọ́ lẹ́nu níwájú àwọn ará ilé báyìí. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ẹnu a máa pa àwọ̀ dà bó ṣe ń ti etí kan bọ́ sí òmíràn, ẹ̀yin ọmọ Pointe Séraphine sì ti fọ́n ká, ẹlòmíràn ń wa epo ní Texas, ẹlòmíràn ń kọ́lé ní Atlanta. Ìdí nìyí tí mo fi jókòó kọ ọ́, kí ẹnikẹ́ni má baà bù mọ́ ọn nítorí pé ó kórìíra mi, kí ẹnikẹ́ni má sì bù kúrò nínú rẹ̀ nítorí pé ó fẹ́ràn mi.

Orúkọ mi ni Zénobie Billiot. Èmi ni obìnrin àkọ́kọ́ tó ní ọkọ̀ edé tirẹ̀ ní etí odò wa, tó tù ú fúnra rẹ̀, tí kò sì bẹ ọkùnrin kankan pé kó wá bá òun fa àwọ̀n. N kò ní fi ìrẹ̀lẹ̀ ẹ̀tàn bẹ̀rẹ̀. Mo mọ iṣẹ́ mi. Mo mọ ibi tí edé ń sùn sí bí ìyá ṣe mọ ibi tí ọmọ rẹ̀ ń kó ẹran ọbẹ̀ pamọ́ sí. Dókítà sọ fún mi lọ́dún yìí pé ọkàn mi ti rẹ̀, pé kí n máa fara balẹ̀, mo ní ṣé wọ́n ti sọ fún edé pé kó fara balẹ̀? Agbéraga ni mí, agbéraga náà ni wọn ó sin. Ṣùgbọ́n ìgbéraga méjì ló wà láyé. Ọ̀kan dúró lórí iṣẹ́ ọwọ́ ẹni, èkejì dúró lórí ẹ̀yìn ẹlòmíràn. Èmi kó méjèèjì pọ̀ nínú agbádá kan, mo wọ̀ ọ́ fún ọgbọ̀n ọdún, gbogbo ìlú sì ń ní ó yẹ mí.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ òfin wa fún àwọn ọmọ tí wọn kò bí sí etí omi. Bí rédíò bá ti ń pariwo pé ìjì ń bọ̀ láti àárín òkun, àwọn ìyá ọlọ́mọ àti àwọn arúgbó á wọ bọ́ọ̀sì lọ sí òkè, níbi tí ilẹ̀ ti le. Àwọn ọlọ́kọ̀ kì í lọ. Ọkọ̀ ni oko wa, ọkọ̀ ni ogún wa, a kì í fi oko sílẹ̀ fún ìjì kó wá kórè rẹ̀. A ó tu gbogbo ọkọ̀ gun odò lọ síbi tó ti ṣẹ́ kọ́rọ́, a ó so wọ́n mọ́ra ní ẹ̀gbẹ́ẹ̀gbẹ́ láti bèbè títí dé àárín omi, bí eyín ṣe tò sẹ́nu. Ọkọ̀ kan ṣoṣo, ìjì á fi gbá bọ́ọ̀lù. Ogún ọkọ̀ tó so mọ́ra, ìjì á kọ́kọ́ wo ojú wọn ná. Ẹni tó bá wà ní ìparí, ní àárín omi, òun ni odò ń gbá ká tó gbá ẹnikẹ́ni, nítorí náà ẹni tó mọ okùn so jù lọ là ń fi síbẹ̀. Ipò ọlá ni. Òfin kan ṣoṣo ló sì wà níbẹ̀, a ti mọ̀ ọ́n kí a tó mọ Bàbá Wa Tí Ń Bẹ Lọ́run: o kò gbọdọ̀ gé okùn ẹnìkejì rẹ. Bí ọ̀ràn bá wá burú débi pé kò sí ọ̀nà mìíràn, pè é ná. Jẹ́ kó fò wá sínú ọkọ̀ tìrẹ. Nígbà tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá ti kan ojú ọkọ̀ rẹ, ẹ̀yin méjèèjì ni kí ẹ jọ gé e. Pè é kí o tó gé e. Òfin náà kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ní àsìkò tí mò ń wí yìí, Ovide Verdin ló ń jókòó ní ìparí. Ẹgbẹ́ ni wá, ọdún kan náà la gba ìrìbọmi. Láti odò mẹ́ta sí tiwa ni wọ́n ti ń gbé okùn wá bá a pé kó bá àwọn so ó. Àwọn ọkùnrin máa ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́ ní èbúté pé: “Àbí ẹ ò rí Clothilde ìyàwó ẹ̀? Ẹni tó rẹwà tó yẹn! Ṣe ni Ovide so ó mọ́ ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì, kò rí i tú.” Nígbà tí Firmin ọkọ mi kú tó fi ọkọ̀ wa, Sainte-Marthe, sílẹ̀, tí mo sì ní èmi ni màá tù ú, Anatole Dardar dìde láàárín àwọn ọlọ́kọ̀, ó ní: “Zénobie, ṣé ìkòkò ọbẹ̀ gumbo lo máa fi kó edé ni, àbí o fẹ́ máa fi síbí tu ọkọ̀?” Wọ́n rẹ́rìn-ín débi pé omi bọ́ lójú wọn. Mo ní: “Bọ̀ọ̀dá Anatole, ẹ ṣáà máa rọra ṣí ẹnu yẹn, kí edé má baà kó síbẹ̀.” Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Ovide nìkan ni kò bá wọn rẹ́rìn-ín. Lọ́jọ́ kejì ó wá sí èbúté mi pẹ̀lú okùn léjìká, ó ní: “Jókòó. Kókó àkọ́kọ́ rè é.” Gbogbo ẹ̀ẹ̀rùn yẹn ló fi kọ́ mi, kò gba nǹkan kan lọ́wọ́ mi ju kọfí lọ. Ẹ rántí èyí bí ẹ bá ti ń ka ìyókù. Èmi náà ń rántí rẹ̀, òun ló sì ń dùn mí jù.

Òwúrọ̀ ni ìjì náà wọlé. Ọ̀sán gangan ló wá bọ́ aṣọ, tó fi ìhòòhò rẹ̀ hàn wá. Òjò kò rọ̀ láti òkè mọ́, ẹ̀gbẹ́ ló ń gbà wá bí ẹni ń ju òkúta wẹ́wẹ́. Páànù òrùlé àwọn ènìyàn ń fò kọjá lórí wa bí ìwé. Ẹyẹ òfú ńlá kan já bọ́ sójú ọkọ̀ mi, ó gbé ẹnu rẹ̀ gígùn yẹn lé mi lẹ́sẹ̀, kò lè fò, kò sì lè kú. Òkun gun odò bọ̀, omi tí ó yẹ kó máa ṣàn lọ sísàlẹ̀ wá ń ṣàn lọ sókè. Gbogbo ọkọ̀ ń ké. Ovide wà nínú ọkọ̀ tirẹ̀, Belle Aurore, lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi gan-an. Ẹ gbọ́ irú ọkùnrin tó jẹ́: nínú ariwo yẹn, ó fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹnu, ó pariwo: “Zénobie! Ṣé kọfí ti hó?” Mo pariwo padà: “Ó ti hó! Mú ife ẹ wá!” A rẹ́rìn-ín. Mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ pé a rẹ́rìn-ín. Bí ìtàn bá parí síbẹ̀ ni, ìbá jẹ́ ọjọ́ tó dára jù lọ nínú ayé mi.

Ọkọ̀ irin pẹrẹsẹ kan, irú èyí tí wọ́n fi ń kó òkúta, ti já nísàlẹ̀ odò. Kò sí ẹnì kankan nínú rẹ̀. Òkun ló ń tì í bọ̀. Mo rí i bó ṣe yọ láti inú òjò bí ilé tó ń rìn, ó sì fi igun lu Belle Aurore ní ìhà. Gbogbo wa mì lọ, mì bọ̀. Belle Aurore fẹ̀gbẹ́ lélẹ̀, ó sì ń fa tèmi mọ́ra. Omi bẹ̀rẹ̀ sí wọ ojú ọkọ̀ mi. Ovide ti kọ ẹ̀yìn sí mi, ó ń fi ọ̀pá gígùn ti irin náà kúrò, ó ń kígbe pé: “Ó ń lọ! Ó ń lọ! Ẹ mú un dáadáa!” Kò jìnnà sí mi ju bí tábìlì ṣe jìnnà sí ilẹ̀kùn. Mo gbé àáké. Mo la ẹnu mi láti pè é, ẹ gbọ́ mi dáadáa, mo la ẹnu. N kò pè é. N kò lè di ẹ̀bi ru ìjì pé ó gba ohùn lẹ́nu mi, nítorí kọfí tí a fi ṣeré ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá, ó sì gbọ́ ọ. Mo mọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀ bí mo bá pè é ni. Á yíjú padà, á rí ọwọ́ mi tó ń gbọ̀n, á ní, “Zénobie, ọkàn ẹ balẹ̀, okùn ń gbé e, irin ń lọ.” Lẹ́yìn náà àwọn ọkùnrin yẹn á gbọ́ pé obìnrin inú Sainte-Marthe ti ń wá àáké nígbà tí Ovide ṣì ń rẹ́rìn-ín. Ìyẹn ni mo sá fún. Kì í ṣe ikú.

Mo gé e. Okùn náà kọ̀. Mo tún gé e, mo tún gé e, apá mi ń ta mí bí iná. Nígbà tó já, ó dún bí ìbọn. Ovide yíjú padà. Kò wo èmi, okùn rẹ̀ ló wò, ojú rẹ̀ rí bí ojú ẹni tí ajá tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ tọ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ bù jẹ. Kó tó mọ ohun tó ń ṣe é, ìgbì ti gbé Belle Aurore lu irin, ọwọ́ òsì rẹ̀ sì wà láàárín. Mo gbọ́ igbe rẹ̀. Òjò gbé e mì, òun àti ọkọ̀. Ẹ sì wá gbọ́ ìjìyà tí Ọlọ́run kọ́kọ́ fún mi: kí n tó lè ka àdúrà Mo Kí Ọ Màríà kan tán, irin pẹrẹsẹ náà yí ara padà fúnra rẹ̀, ó wọ́ lọ sí bèbè kejì, ó sì rì mọ́ ẹrẹ̀. Ó jókòó síbẹ̀ jẹ́jẹ́ bí màlúù. Ká ní mo ní sùúrù díẹ̀ ni, ìbá ti kọjá lọ. Mo wo ìwo irin tí a ń so okùn mọ́ lára ọkọ̀ mi. Kókó Ovide ṣì wà lára rẹ̀. Kò mì. Mo gbìyànjú láti tú u, n kò lè tú u. Ọ̀bẹ ni mo fi gé e kúrò, mo sì ju òun àti ìyókù okùn sínú omi. Nígbà tí mo gbójú sókè, Anatole tó wà ní ẹ̀gbẹ́ mi kejì wà lórí eékún nínú ilé ìtukọ̀ rẹ̀, ó di ojú, ó ń gbàdúrà. Kò sẹ́ni tó rí mi.

A rí Ovide láàyè ní ọjọ́ kejì nínú koríko irà, òun àti egungun ọkọ̀ rẹ̀. Èmi ni mo ṣáájú àwọn tó wá a. Ẹ má ṣe yìn mí. Àwọn ọjọ́ tó tẹ̀ lé e, àwọn ni mo lè yangàn lé lórí láìsí ẹ̀rí-ọkàn kankan tí yóò gún mi, nítorí gbogbo wa la ni wọ́n. Kí ẹnikẹ́ni tó dé láti ìlú ńlá, a ti rí ara wa. Ọkọ̀ wa kéékèèké ń lọ láti òrùlé dé òrùlé. A se edé àti ìrẹsì lórí ilẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì tí kò ní ògiri mọ́, ẹni tó ní iyọ̀ mú iyọ̀ wá, ẹni tí kò ní nǹkan kan mú ẹ̀fẹ̀ wá. Ìyá arúgbó kan tí ilé rẹ̀ ti bá omi lọ jókòó lórí àga tí kì í ṣe tirẹ̀, ó ní: “Ó dáa náà. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń sọ fún bàbá yín pé kó jẹ́ ká kó kúrò nílé yẹn.” Irú ènìyàn tí a jẹ́ nìyẹn.

Ibẹ̀ náà, lórí ilẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì yẹn, ni mo ti ṣe èyí tó burú jù. Lẹ́yìn ìjì kọ̀ọ̀kan, àwọn ọlọ́kọ̀ máa ń jókòó láti sọ bí okùn ṣe ṣe sí. Ovide wá pẹ̀lú ọwọ́ tí wọ́n fi aṣọ funfun dì títí dé ìgúnpá. Ó dúró níwájú gbogbo ènìyàn, ó ní: “Zénobie, ìwọ lo wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Èmi kọ ẹ̀yìn sí i, n ò rí i. Sọ fún mi. Ṣé okùn mi já ni, àbí ó tú?” Ẹni tí kò mọ omi kò ní mọ bí ìbéèrè yẹn ti tóbi tó. Bí okùn bá já, okùn ló jẹ̀bi. Bó bá tú, ọwọ́ tó so ó ló jẹ̀bi. Ọkùnrin náà fi ojú ọ̀nà àbáyọ hàn mí láìmọ̀. Mo lè ní ó já. Ṣùgbọ́n bí mo bá ní ó já, wọ́n á ní kí n mú ìdajì tó kù lára ọkọ̀ mi wá, kí àwọn wo ojú rẹ̀. Bó bá tú, ó bá ọkọ̀ rẹ̀ lọ nìyẹn, kò ní kù sí mi lọ́wọ́. Mo ti ro gbogbo rẹ̀. Kì í ṣe pé irọ́ náà yọ́ bọ́ lẹ́nu mi. Mo ti bọ́ ọ, mo ti wẹ̀ ẹ́, mo ti wọ̀ ọ́ láṣọ. Mo wo ojú ẹni tó kọ́ mi ní kókó, mo ní: “Ó tú, Ovide.”

Ó wo ọwọ́ rẹ̀ tí wọ́n dì. Ó ṣí fìlà. Ó ní: “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ará mi. Díẹ̀ ló kù kí n pa gbogbo yín.” Ó wá yíjú sí mi, ó ní: “Zénobie, forí jì mí. Ìwọ ìbá ti kú nítorí mi.” Èmi tí mo gé okùn rẹ̀ ni ó ń bẹ̀. Ẹ sì mọ ohun tí mo fi dá a lóhùn? Mo ní, “Kò burú.” Mo ní kò burú! Anatole dìde, ó ní: “Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́. Nígbà tí ìparí bá omi lọ, obìnrin yìí ló di ìparí, òun ló sì gbé gbogbo wa dúró. Mo fi í ṣe yẹ̀yẹ́ rí. Mo kó ọ̀rọ̀ mi jẹ.” Wọ́n pàtẹ́wọ́. Wọ́n fún mi ní ipò Ovide. Wọ́n ya àwòrán mi, wọ́n gbé e kọ́ sára ògiri ilé yìnyín tí a ń kó edé sí ní èbúté. Mo dúró lábẹ́ rẹ̀, mo sì gbọ́n èrò pé ti Ovide ni dànù lọ́kàn bí ẹni ń gbọ́n eṣinṣin.

Ovide kò ní ọkọ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà. Ó jókòó sábẹ́ ilé rẹ̀ tó dúró lórí òpó, ó ń fi ọwọ́ kan àti ààbọ̀ tún àwọ̀n ẹlòmíràn ṣe. Bí okùn bàtà ọmọdé bá tú lójú ọ̀nà, ìyá rẹ̀ á ní: “So ó dáadáa, má so ó bíi ti Verdin.” Lucien ọmọ rẹ̀ wá iṣẹ́ kiri lọ́dọ̀ gbogbo ọlọ́kọ̀, wọn kò gbà á, ó sì bá tiẹ̀ lọ sí Texas. Clothilde kú. Lọ́dọọdún, bí àsìkò edé bá ti bẹ̀rẹ̀, mo máa ń gbé apẹ̀rẹ̀ àkọ́kọ́ lọ fún Ovide. Lọ́dọọdún ó máa ń ní: “O ṣeun, Zénobie. Ọmọlúàbí ni ẹ́.”

Lọ́dún yìí, Noélie ọmọ Lucien padà wálé. Ó ra ọkọ̀ ògbólógbòó kan, ó tún un ṣe fúnra rẹ̀, ọ̀dà ṣì wà léèékánná rẹ̀ nígbà tó wọ ìpàdé àwọn ọlọ́kọ̀. A ń to ipò, pé ẹ̀gbẹ́ ta ni ta ni yóò wà bí ìjì bá dé. Nígbà tó kan Noélie, kò sẹ́ni tó gbà á sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Anatole, tó ti darúgbó báyìí, wúkọ́, ó ní: “Ọmọ dáadáa ni. Ṣùgbọ́n kò ní so mọ́ tèmi o.” Noélie ní: “Bàbá Anatole, ẹ wá wo okùn mi. Ẹ fi gbogbo agbára yín fà á.” Ẹnì kan fọhùn láti ẹ̀yìn: “A ti wo ti bàbá ẹ àgbà, a sì rí i.” Wọ́n rẹ́rìn-ín, irú ẹ̀rín tí wọ́n fi mí rín lọ́jọ́ tí mo ní èmi ni màá tu Sainte-Marthe. Ọmọ náà yíjú sí mi. Ojú Ovide gan-an ló wà lórí rẹ̀. Ó ní: “Àǹtí Zénobie, ẹ̀yin lẹ wà níbẹ̀. Ṣé lóòótọ́ ni okùn bàbá mi àgbà tú?” Ẹ wò ó, Ọlọ́run tún gbé ìbéèrè náà fún mi lẹ́ẹ̀kejì. Kò wọ́pọ̀. Mo sì ní: “Ó ti pẹ́, ọmọ mi.” Ó mi orí. Ó ní: “Ó dáa. Màá dá tèmi so mọ́ igi.” Ó jáde. Ọkọ̀ kan ṣoṣo tí a so mọ́ igi nínú ìjì, gbogbo wa la mọ ohun tí wọ́n ń pè é. Pósí ni. Mo jókòó síbẹ̀, mo sì rí i kedere pé irọ́ mi ti jẹ bàbá tán, ó ti ń fi ahọ́n lá ète nítorí ọmọ-ọmọ rẹ̀.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì mo lọ bá Ovide. Àwọ̀n wà lórí itan rẹ̀. Mo jókòó sórí àga tó fi ẹsẹ̀ tì sí mi, mo ní: “Ovide, okùn ẹ kò tú.”

“Okùn wo?”

“Èyí tó wà láàárín èmi àti ìwọ. Mo gé e.”

Ọwọ́ rẹ̀ dúró. Mo rò pé yóò kígbe. Ó ní: “Kí lo fi gé e?”

“Àáké.”

“Ṣé ẹ̀ẹ̀kan ló já?”

“Ẹ̀ẹ̀kan kẹ̀! Ó kọ̀. Mo gé e títí apá fi ń ro mí.”

Ó di ojú. “Kókó ńkọ́?”

“Ó ṣì wà lára irin ọkọ̀ mi nígbà tí ìwọ ti lọ. N ò lè tú u. Mo fi ọ̀bẹ gé e kúrò kí wọ́n má baà rí i.”

“Tún un sọ.”

Mo tún un sọ. Ó gbé ojú sókè sí ilé, ó pe ìyàwó rẹ̀ tó ti kú bí ẹni tó wà ní kíṣìnì: “Clothilde! Ṣé o gbọ́? Ó ní kò tú!” Omijé ń ṣàn lójú rẹ̀, ó sì ń rẹ́rìn-ín. Ó ní: “Títí obìnrin yẹn fi kú ló ń sọ fún mi pé ọwọ́ mi kì í so nǹkan kó tú. N ò gbà á gbọ́. Ìwọ ni mo gbà gbọ́.” Ẹ̀rín náà kúrò. Ó ní: “O ń gbé edé wá fún mi lọ́dọọdún.” Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. “Mo sì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ.” Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní: “Dìde lórí àga mi.” Mo dìde. Mo ní: “Ovide, ṣé o lè forí jì mí?” Ó ní: “Rárá. Lọ sọ òótọ́ níbi tó o ti pa irọ́.”

Mo lọ sọ ọ́. Lẹ́yìn Máàsì ọjọ́ Ìsinmi, mo dúró lórí àtẹ̀gùn ṣọ́ọ̀ṣì tuntun, mo sọ ọ́ láti orí dé ìdí bí mo ṣe kọ ọ́ síbí yìí. Wọ́n fẹ́ràn mi débi pé wọn kò fẹ́ gbọ́. Ẹnì kan ní ooru ló ń mú mi. Òmíràn ní ìjì nìjì í jẹ́, ẹ̀rù kì í bá ẹnì kan nìkan. Mo ní: “Ẹ má gbà mí sílẹ̀! Okùn tí mo gé lè jẹ́ ti ẹ̀rù. Èyí tí mo sọ lẹ́yìn rẹ̀, ti ìgbéraga ni.” Mo lọ sí ilé yìnyín, mo gbé àwòrán mi sọ̀kalẹ̀ fúnra mi. Nígbà tí mo jáde, mo rí Anatole tó ń fi ọ̀pá rìn lọ sí ilé Ovide, fìlà rẹ̀ lọ́wọ́, gbogbo àwọn ọlọ́kọ̀ sì tẹ̀ lé e lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo dúró sínú oòrùn, mo ń wò wọ́n. Orí mi wú nítorí wọn. Kì í ṣe gbogbo ìlú ló lè ṣí fìlà lọ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ẹni tí wọ́n ti fi ṣe òwe.

Ìjì ọdún yìí dé lọ́jọ́ tí ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ń parí lọ. Noélie Verdin ni wọ́n fi sí ìparí. Èmi, wọ́n ní kí n lọ sí ẹ̀gbẹ́ bèbè, níbi tí wọ́n ń fi àwọn ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ṣẹ́ sí. Mo lọ. Ìjì náà ṣe wá bó ṣe wù ú. Ó ká òrùlé ilé ẹ̀kọ́, ó gbé ilé àwọn Dardar kúrò lórí òpó, ó lọ gbé e kalẹ̀ sí àárín ọ̀nà bí ẹni gbé ìkòkò kalẹ̀. Iyọ̀ òkun pa gbogbo ọgbà wa. Ṣùgbọ́n àwọn ọkọ̀ wa tò títí ilẹ̀ fi mọ́. Ẹyọ kan kò lọ. Bí afẹ́fẹ́ ṣe ń rọlẹ̀, mo gbọ́ ohùn ọmọ náà láti ìparí, ó ń kọrin ẹ̀fẹ̀, àwọn ọkùnrin ń gbè é.

Nígbà tí àsìkò edé ṣí, Ovide bọ́ sínú ọkọ̀ ọmọ-ọmọ rẹ̀. Kò tíì gun omi láti ọgbọ̀n ọdún. Gbogbo ìlú tò sí etí odò láti wò ó. Ó dúró níwájú ọkọ̀, ó gùn, ó gún régé, ó ń ṣí fìlà fún èbúté kọ̀ọ̀kan bó ṣe ń kọjá, wọ́n sì ń hó fún un bí ẹni gbóríyìn fún bíṣọ́ọ̀bù. Nígbà tó dé èbúté mi, ó fi fìlà rẹ̀ sórí, ó kọjú síwájú, ó kọjá lọ sí òkun. N kò retí ohun tó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ṣáà rí bí ọrùn rẹ̀ ṣe dúró ṣánṣán, mo sì fi apá nu ojú, inú mi dùn, ó dùn mí, mo sì ń yangàn pé irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀ ló kọ́ mi níṣẹ́.

Ẹ̀yin ọmọ wa, ibikíbi tí ẹ bá wà, n kò bẹ̀ yín pé kí ẹ forí jì mí dípò rẹ̀. Tirẹ̀ ni, yóò ṣe é nígbà tó bá wù ú, tàbí kó má ṣe é. Ohun tí mo bẹ̀ yín ni pé bí ẹnikẹ́ni bá béèrè lọ́wọ́ yín ta ni Ovide Verdin, kí ẹ sọ fún un pé òun ni ẹni tí àáké bá okùn rẹ̀ jà kí ó tó já. Bí ẹ bá sì bára yín nínú ìjì, tí ọwọ́ yín bá ń gbọ̀n, ẹ jẹ́ kí ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín rí i pé ó ń gbọ̀n. Ẹ pè é. Ẹ̀rù kò pa ẹnikẹ́ni ní Pointe Séraphine rí.